Obìnrin Tó Ń Bá Kàdírì Hunṣọ

Ó yẹ kí á fi tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀ kéde pé olóògbé Kàdírì, ahunṣọ òfì ní Ìsẹ́yìn, kì í pààrọ̀ àwọ̀ òwú àfi bí ìpolówó bá dá orin dúró lórí fóònù rẹ̀. Orin ọ̀fẹ́ ló ń gbọ́. Lẹ́yìn orin mẹ́ta, obìnrin kan á já lù ú: "Ṣé ẹ ò fẹ́ sanwó, kí ẹ máa gbádùn orin láìsí ìdíwọ́?"

"Ẹ ṣeun, ìyá, ó tẹ́ mi lọ́rùn báyìí." Kàdírì á ju òwú pupa sílẹ̀, á mú funfun.

Ògúndèjì, tí òfì rẹ̀ wà lẹ́gbẹ̀ẹ́, ní, "Bàbá Misturat, ẹ̀rọ lẹ̀ ń dá lóhùn yẹn."

"Ó ń kí mi nígbà ogún lóòjọ́. Ìwọ ńkọ́?"

Kàdírì ti yẹ orin ọ̀fẹ́ náà wò bí ẹni ń yẹ òwú wò lọ́jà. Wọn kì í jẹ́ kó yan orin. Ó ní ìyàwó òun náà kì í jẹ́ kí òun yan ọbẹ̀. Bó bá fo orin mẹ́fà, wọ́n á ní ó tó. Ó ní wọ́n ń kọ́ òun ní ìwọ̀ntúnwọ̀nsì ni. "Ẹni tó ń fún ọ lọ́fẹ̀ẹ́, tó tún ń bẹ̀ ọ́ láti àárọ̀ dalẹ́, ta ni tálákà nínú ẹ̀yin méjèèjì?"

Ó ku ọjọ́ mẹ́ta sí yìgì Misturat ọmọ rẹ̀, aṣọ onílà pupa àti funfun tó fẹ́ ró kò tíì kúrò lórí òfì. Àánú bàbá ṣe ọmọ, ló bá yọ́ sanwó orin ọjọ́ kan fún un. Nígbà tó dìrọ̀lẹ́, aṣọ tẹ́ẹ́rẹ́ gígùn kan ló bá, ó pupa láti òkè délẹ̀.

"Bàbá, ilà funfun mi dà?"

"Ìwọ lo sanwó kí ẹnikẹ́ni má dí mi lọ́wọ́." Kàdírì ò gbójú sókè. "Ẹnikẹ́ni ò dí mi lọ́wọ́."

Misturat sunkún. Ilẹ̀ mọ́, owó ọjọ́ kan tán, obìnrin náà padà sẹ́nu iṣẹ́. Àfi ìrun ló ń gbé Kàdírì kúrò nídìí òfì. Lówùúrọ̀ ọjọ́ yìgì, aṣọ délé, ilà rẹ̀ gún régé. Àwọn àna yìn ín títí. Wọn ò mọ̀ pé ìpolówó ló wọ̀n ọ́n.

Aṣọ pupa yẹn di ọ̀já tí Misturat fi ń pọn ọmọ. Òun náà ló fi gbàjá lẹ́yìn fídáù bàbá rẹ̀, nígbà tó jókòó sídìí òfì, tó tan fóònù. Orin mẹ́ta lọ. Obìnrin náà dé, ó béèrè bóyá wọn ò fẹ́ sanwó.

Ògúndèjì dáwọ́ dúró, ó wo Misturat. Misturat wo òwú funfun tó wà nílẹ̀.

Ta ló kàn láti dá a lóhùn?