Ibi Tí Dùùrù Ti Dákẹ́

Dùùrù ń dún láti ẹ̀yìn ògiri, ìyá mi ń din àkàrà. Ohùn kan náà ni láti àárọ̀. Bàbá tó ń gbé yàrá tó tẹ̀ lé tiwa á tẹ̀ ẹ́, wọ́n á dákẹ́, wọ́n á fi ẹnu kùn ún bí ẹni tó ń rẹ ọmọ lẹ́kún, wọ́n á tún un tẹ̀. Àwọn ló ń ṣe orin tó ń bá eré tẹlifíṣọ̀n ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Àìkú lọ. Àwọn ọmọ àdúgbò wa ní Àgùdà ń fi súfèé kọ ọ́ lójú títì. Àwa ará ilé nìkan la mọ ẹni tó ni ín.

Ìyá mi ní kí n gbé àkàrà lọ fún wọn. Mo bá ọ̀gá tó ń darí eré náà lórí ìdúró, ojú rẹ̀ le. Níbi tí wọ́n ti fẹ́ túfọ̀ ọmọ fún ìyá rẹ̀ nínú eré, Bàbá ti yọ orin kúrò pátápátá.

"Bàbá, ẹkún la ní kí ẹ fi síbẹ̀ o. Àwọn èèyàn á ní a ò mọṣẹ́."

Bàbá gba àwo lọ́wọ́ mi, wọ́n dúpẹ́, wọ́n wá ní, "Obìnrin yẹn fúnra rẹ̀ ń sunkún. Bí dùùrù bá tún ń sunkún lé e lórí, ta ni yóò gbọ́ tiẹ̀?"

Ọ̀gá náà ní kò burú, àmọ́ bí ó bá bàjẹ́, kí Bàbá má retí òun mọ́. Ẹ sì wò ó, iṣẹ́ yẹn ni wọ́n fi ń bọ́ ilé wọn.

Nígbà tó di ọjọ́ Àìkú, pálọ̀ Lánlọ́ọ̀dù la kóra jọ sí. Bàbá jókòó sẹ́yìn gbogbo wa, ọwọ́ wọn wà láàárín orúnkún. Eré dé ibẹ̀. Ẹni tó wá túfọ̀ wọlé, dùùrù ń tẹ̀ lé e díẹ̀díẹ̀. Ìyá náà béèrè ọmọ rẹ̀, orin sì pa lọ́lọ́.

Lánlọ́ọ̀dù dìde. "Àpótí yìí tún ti bẹ̀rẹ̀ wèrè ẹ̀, ohùn ẹ̀ ti lọ." Wọ́n na ọwọ́ láti gbá a lẹ́gbẹ̀ẹ́ bí wọ́n ti máa ń ṣe.

"Ẹ fi sílẹ̀, Ẹ̀gbọ́n," Bàbá ní.

Ìgbà náà la gbọ́ èémí obìnrin náà, lẹ́yìn rẹ̀ igbe kékeré kan, bí ìgbà tí ilẹ̀kùn tó ti ń dógùn-ún bá ń ṣí. Lánlọ́ọ̀dù ti sin ọmọkùnrin wọn kan lọ́dún tó ṣáájú. Àwàdà ni wọ́n fi ń bo ìbànújẹ́ náà mọ́lẹ̀ láti ìgbà náà. Ọwọ́ wọn rọra wálẹ̀. Wọ́n jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ níwájú tẹlifíṣọ̀n, wọ́n sunkún, ẹnikẹ́ni nínú wa ò sì ní kí wọ́n dákẹ́.

Lọ́jọ́ Ajé, ọ̀gá náà dé. Kò yin Bàbá. Ó gbé kásẹ́ẹ̀tì eré tuntun kalẹ̀, ó béèrè ìgbà tí orin rẹ̀ máa ṣe tán.

Ewú ti ń yọ lórí èmi náà báyìí. Mo ti lọ kí àwọn tí ọ̀fọ̀ ṣẹ̀ láìmọye ìgbà. Àwọn ẹgbẹ́ mi máa ń kó ọ̀rọ̀ ìtùnú lọ, wọ́n á máa tò ó. Ní tèmi, bí mo bá ti kí wọn tán, mo máa ń fa àga sún mọ́ wọn, n ó jókòó. Ó máa ń pẹ́ kí n tó dìde.