Tíì Tí Àbúrò Mi Já Fún Màmá Wa

Àbúrò mi ọkùnrin ń ṣiṣẹ́ ní oko tíì lórí òkè Mambila lọ́hùn-ún, èmi àti màmá wa ló kù ní Súrùlérè. Nílé wa, ohunkóhun tó bá ti gbóná, tí a lè ki búrẹ́dì bọ̀, tíì là ń pè é. Màmá mi a máa fi ọmọ rẹ̀ ṣẹ̀fẹ̀ pé inú agolo ni tíì ti ń wá, kí ló ń wá lóko?

Nígbà tí àìsàn dá a dùbúlẹ̀, tí oúnjẹ ò wọlé mọ́, ó ní tíì tí ọmọ òun fọwọ́ ara rẹ̀ já lòun fẹ́ mu kí òun tó kú. A ní kó má sọ bẹ́ẹ̀. Ó tún un sọ.

Àbúrò mi já ọ̀mùnú ewé fúnra rẹ̀, wọ́n sá a, wọ́n lọ́ ọ, wọ́n yan án gbẹ. Ó dì í sínú ọ̀rá, ó fi rán awakọ̀. Jàlíńgò ni ẹrù jókòó sí. Ọ̀nà ò dára, ẹ̀rù ń ba àwọn awakọ̀. Mo ń pe tibí, mo ń pe tọ̀hún, ẹnu lásán ni mo ní.

"Ó ti dé ibo báyìí?"

"Ó ti ń bọ̀, Màámi."

Nígbà tó dé gáréèjì ní Múṣin, mo sáré lọ gbà á. Mo gbé e sí ilé ìdáná, mo jáde lọ ra asẹ́ kékeré tí a ó fi sẹ́ ẹ.

Ẹ̀gbọ́n màmá mi, tó ti Iléṣà wá bá wa tọ́jú rẹ̀, rí ewé gbígbẹ dúdú nínú ọ̀rá. Kí ni àgbà Ìjẹ̀ṣà máa pe ìyẹn bí kò ṣe àgbo? Ó da gbogbo rẹ̀ sí ìkòkò, ó sè é títí, ó fi wẹ màmá mi látorí dẹ́sẹ̀.

Mo wọlé, òórùn rẹ̀ ti gba ilé kan. Màmá mi ń sọ pé, "Ẹ̀gbọ́n mi, àgbo ibo lẹ gbé wá yìí? Ó ta sánsán."

Omi ti tẹ̀yìn wọ ìgbín lẹ́nu. Inú bí mi dójú ẹkún, ṣùgbọ́n ta ni mo fẹ́ bá jà? Ìyá àgbà ń rẹ́rìn-ín, ó ní ara àbúrò òun ti ń mókun. Mo sọ òótọ́ fún màmá mi ní jẹ́jẹ́.

Kò pẹ́ ni àbúrò mi pè.

"Màámi, ṣé ẹ ti mu ún?"

"Mo ti mu ún, ọmọ mi."

"Báwo ló ṣe rí lẹ́nu yín?"

Màmá mi fi àtẹ́lẹwọ́ bo fóònù, ó kọjú sí mi. "Tètè sọ fún mi, báwo ló ṣe rí lẹ́nu?"

Èmi náà ò tọ́ ọ wò.