Oríkì Tí Mo Pè Níwájú Kámẹ́rà

Fíìmù mẹ́ta péré ni mo ṣe. Nínú àkọ́kọ́, mo ru omi kọjá, ẹ̀yìn mi nìkan ni wọ́n rí. Nínú èkejì, mo wà láàárín èrò tó ń lé olè, ariwo tèmi ló sì pọ̀ jù. Ní Ẹdẹ níbí, àwọn tí mo ń ránṣọ fún ń pè mí ní "òṣèré wa", orí mi sì ń wú. Ẹ̀kẹta ló ba ayé mi jẹ́.

Sẹ̀kọ̀nà la ti ya á. Wọ́n ní kí n ṣe ìyá tó ń ṣépè fún ọmọ rẹ̀ obìnrin. Nínú irú fíìmù tiwa yẹn, ẹnikẹ́ni kì í kọ ọ̀rọ̀ sílẹ̀ fún wa. Olùdarí á sọ ohun tó fẹ́ kó ṣẹlẹ̀, oníkálukú á wá ọ̀rọ̀ sẹ́nu ara rẹ̀. A ṣe é lẹ́ẹ̀mẹrin, omijé kọ̀, kò jáde. Oòrùn ń lọ. Olùdarí, ọmọ tí mo lè bí, kọjú sí mi: "Mọ́mì, ẹ jọ̀ọ́, ṣé ẹ ò bímọ ni? Ẹ rántí ọmọ yín!"

Ó dùn mí. Mo kúnlẹ̀, mo di ọmú mú, ọmọ tèmi ni mo sì rántí. Oríkì rẹ̀ ló bọ́ sí mi lẹ́nu, èyí tí mo fi ń rẹ̀ ẹ́ lẹ́kún láti kékeré, àti orílẹ̀ bàbá rẹ̀ pẹ̀lú. Omijé dà. Mo ní bó bá jẹ́ ọmú yìí ló mu, kò ní gbọ́ ẹkún ọmọ tuntun nínú ilé rẹ̀. Gbogbo wọn pàtẹ́wọ́. Èmi òmùgọ̀ náà ń rẹ́rìn-ín.

Ọmọ mi ti wà nílé ọkọ ní Awo nígbà náà, ó sì lóyún oṣù mẹ́rin. Fíìmù jáde, kò pẹ́, oyún wálẹ̀. Èyí tó tẹ̀ lé e náà wálẹ̀. Ìyá ọkọ rẹ̀ gbé fíìmù náà wá bá mi lórí fóònù, wọ́n ní, "Ṣé ìyàwó wa kọ́ lẹ ń pè níbí yìí?" Dókítà ní ilé ọmọ rẹ̀ ni kò lágbára. Mo fẹ́ gba dókítà gbọ́, mi ò rí i gbà.

Ìyá tó bá ṣépè náà ló lè wẹ̀ ẹ́ nù. Mo lọ sí Awo, mo fi omi tútù ṣan ọmú mi sínú abọ́, mo ní mi ò ní i nínú, Ọlọ́run mọ̀ pé eré ni. Ọmọ mi kúnlẹ̀, ó mu ún tán, a jọ sunkún.

Mo bẹ ẹni tó ni fíìmù kó yọ ibẹ̀ kúrò. Ó ní ibẹ̀ gan-an ni àwọn èèyàn fẹ́ràn jù. Ẹyin lohùn, tèmi ti balẹ̀, ó ti fọ́, wọ́n sì ń sọ ọ́ mọ́lẹ̀ lójoojúmọ́ lórí fóònù.

Lọ́sẹ̀ tó kọjá, ọmọ mi pè mí pé òun tún ti lóyún. Inú mi dùn, mo bẹ̀rẹ̀ sí í kì í. Ó dá mi dúró.

"Màámi, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má pè mí bẹ́ẹ̀ mọ́."

Mo ní mo ti gbọ́. Láti ọjọ́ náà, orúkọ tó ń jẹ́ nílé ìwé ni mo fi ń pè é, bí àwọn tíṣà rẹ̀ ṣe máa ń pè é.