Bí Ìyá Mi Ṣe Ra Bíréèkì Bí Ẹni Ra Pánlá

Òórùn irun àgbò tó ń jóná ló jí mi láàárọ̀ ọjọ́ náà. Mo ti fò dìde lórí ẹní, mo ti ń wá abọ́ tí wọn ó fi bu ẹ̀dọ̀ fún mi, kí n tó rántí pé Iléyá ṣì ku ọ̀sẹ̀ méjì, a ò sì tíì ra àgbò kankan. Mo yọjú síta. Mọ́tò bàbá mi ló dúró lẹ́bàá gọ́tà, èéfín ń rú jáde lẹ́yìn táyà iwájú, bàbá mi sì káwọ́ sẹ́yìn, ó ń wò ó bí ẹni tó wá kí aláìsàn tí kò mọ ohun tó yẹ kó sọ.

Ẹ̀yin tá a jọ dàgbà ní Mùṣin, ẹ ó rántí àsìkò yẹn. Owó epo rọ̀bì ń ṣàn nílùú, ẹni tí kò ní kẹ̀kẹ́ lánàá ń ra mọ́tò lónìí. Bàbá mi kì í ṣe ọ̀gá níbì kankan. Télọ̀ ni, ní Pápá Àjàó. Ṣòkòtò ẹlẹ́sẹ̀ gbàgàdà tí àwọn ọ̀dọ́ fi ń gbálẹ̀ ìgboro Èkó nígbà náà, tó ń ṣiṣẹ́ ju àwọn agbálẹ̀ ìjọba lọ, òun ló sọ ọ́ di onímọ́tò. Mọ́tò Jàpáànù kékeré kan ni, aláwọ̀ ọsàn, tí ẹlòmíì ti lò kó tó kàn wá. Ó kéré tó bẹ́ẹ̀ tó jẹ́ pé bí bàbá mi bá dé abetí-ajá jókòó sínú ẹ̀, etí fìlà á máa wá ọ̀nà àtijáde lójú fèrèsé.

Ìyá mi ní tiẹ̀, tí wọ́n ń fi orúkọ mi pè ní Ìyá Sìkírá, ń ta pánlá lọ́jà Ojúwoyè. Kò kàwé, èmi náà ò sì kà á jìnnà, nítorí náà ẹ má retí gẹ̀ẹ́sì lẹ́nu mi. Àmọ́ bí ẹ bá gbé ohunkóhun síwájú ẹ̀, ì báà jẹ́ aṣọ, ì báà jẹ́ ọmọge tí wọ́n fẹ́ gbé níyàwó, á fọwọ́ kàn án, á gbóòórùn ẹ̀, á sì sọ ibi tó kù sí fún yín. Bí ẹlòmíì bá wá ṣe àṣìṣe, ohun tó máa ń sọ ni, "Àìmọ̀ọ́gún àìmọ̀ọ́tẹ̀ ló ń mú iyán ewùrà lẹ́mọ." Ẹlòmíì ni iyán máa ń lẹ́mọ lọ́wọ́ ẹ̀. Tiẹ̀ kì í lẹ́mọ.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí mọ́tò yẹn jẹ́ fún un. Nígbà tó ní télọ̀ lòun máa fẹ́, ẹ̀gbọ́n ẹ̀ ọkùnrin, tó jẹ́ olórí ilé wọn ní Ògbómọ̀ṣọ́, wò ó láti òkè dé ilẹ̀, ó ní, "Abẹ́rẹ́ ò lè bọ́ ìyàwó." Ọ̀rọ̀ náà há sí ìyá mi lọ́fun bí eegun. Lọ́dọọdún la máa ń wọ bọ́ọ̀sì ní Jíbówú lọ sílé fún Iléyá, lọ́dọọdún ni ẹ̀gbọ́n yẹn sì máa ń béèrè, tẹ̀rín-tẹ̀rín, pé ṣé ẹsẹ̀ ò dùn wá. Lọ́dún yìí, ìyá mi ti búra pé inú mọ́tò ọkọ òun lòun ó ti sọ̀ kalẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà rẹ̀, lọ́sàn-án gangan, tí gbogbo agboolé máa rí i. Ó ti sọ fún àwọn èèyàn lọ́jà. Ohun téèyàn bá sì ti sọ ní Ojúwoyè, kò ṣeé kó padà.

Nígbà tí èéfín wá ń jáde lára mọ́tò, ẹ ò ní rò pé ohùn jẹ́jẹ́ ni ìyá mi fi pe Múfú.

Múfú ni mẹ́káníìkì àdúgbò wa, gbogbo àwa ọmọdé ń pè é ní Ẹ̀gbọ́n Múfú. Ẹ má rò pé onírẹ̀lẹ̀ èèyàn ni. Ó ní bí mọ́tò bá ń kọjá lójú títì, òun lè wà lórí ìbùsùn kóun sọ àìsàn tó ń ṣe é. Ó gbé tiwa sókè pẹ̀lú jáàkì, ó tú táyà, ó yọjú wò ó, ó ní, "Bíréèkì páàdì yín ti jẹ tán. Irin ló ń ha irin." Ó fi hàn wá: pẹlẹbẹ méjì tó ń fún àwo irin inú táyà mọ́ àárín nígbà téèyàn bá tẹ bíréèkì. Tiwa ti fẹ́lẹ́ bí ewé. Ó ní, "Ẹ kówó wá, kí n lọ ra tuntun."

Ìyá mi bú sẹ́rìn-ín. "Ẹ gbọ́ o! Múfú fẹ́ bá mi nájà! Èmi! Ọjà tí mi ò bá fọwọ́ ara mi yàn, kì í wọlé mi."

Kì í sì í ṣe ìyá mi nìkan. Ládùúgbò wa nígbà yẹn, ẹni tó bá rán mẹ́káníìkì lọ ra páàtì, ṣe ni wọ́n máa ń bá a kẹ́dùn. Bàbá mi ì bá lọ ra á, àmọ́ ìyá mi ní ẹni tí kò lè ra ata láìjẹ́ pé wọ́n rẹ́ ẹ jẹ, kí ló fẹ́ lọ ṣe níwájú onípáàtì? Ló bá so gèlè, ó fà mí lọ́wọ́, ó di etí Agége Mọ́tò Róòdù, níbi tí wọ́n ti ń ta páàtì.

Bàbá kan tó sanra, tó jókòó sórí táyà, ló kó oríṣi méjì síwájú wa. Ojú kan náà ni mo rí pé wọ́n ní. Bàbá náà ní, "Ìyá, èyí rọ̀ díẹ̀, ó máa ń tètè jẹ, àmọ́ ó ń mú mọ́tò dúró. Èyí le. Àwọn tó ń sáré ọ̀nà jíjìn ló ń rà á."

Ìyá mi mú èyí tó rọ̀, ó fi èékánná ha á. Ẹ̀tù dúdú bọ́ sí i lọ́wọ́. Ó na ọwọ́ náà sí bàbá onípáàtì. "Ẹ wò ó. Ó ti ń kú lọ́wọ́ mi, ẹ sì ní kí n gbé e lọ sílé?" Ó wá mú èyí tó le. Ó ha á, kò ha. Ó gbóòórùn ẹ̀. Ó gbé méjì, ó gbá wọn mọ́ra wọn lẹ́gbẹ̀ẹ́ etí, *kó, kó, kó*, bó ṣe máa ń gbá pánlá kó tó ra á lọ́wọ́ àwọn tó ń tà lódindi àpò. Pánlá tó bá dún bí igi, ojúlówó ni; èyí tó bá dún bí páálí, ọ̀rinrin ti wọ̀ ọ́. Lẹ́yìn náà, mo fojú ara mi rí i, ó fi ahọ́n kàn án.

Bàbá onípáàtì ní, "Ìyá, ẹ ò ní sè é o."

"Bí mo bá fẹ́ sè é, ṣé ẹ̀yin lẹ ó bá mi dáná?"

Oníṣòwò ni bàbá náà, ẹni tó fẹ́ sanwó, a kì í bá a jà. Ìyá mi nájà títí òógùn fi bo bàbá náà, ó sì gbé èyí tó le lọ sílé bí ẹni gbé ife-ẹ̀yẹ.

Múfú gbà á, ó yí i lọ́wọ́, ó ní, "Ìyá Sìkírá, èyí ti le jù fún mọ́tò kékeré. Á máa ké, á sì máa jẹ àwo irin yẹn."

Ìyá mi ní, "Ìwọ lo fẹ́ kó rọ̀, kó o lè tún rí wa lóṣù tó ń bọ̀. Ohun tó bá le ló ń pẹ́. Ṣáà kì í bọ̀ ọ́."

Ká sọ tòótọ́, ọwọ́ Múfú náà ò mọ́ tó bẹ́ẹ̀. Ó fa ti àtijọ́ yọ, ó fi pákó ti irin tó ń tì wọ́n padà sẹ́yìn, ó ki tuntun bọ̀ ọ́ lọ́tùn-ún lósì, ó dá táyà padà, ó sì ń kọrin lábẹ́lẹ̀, orin ẹni tó mọ̀ pé wọn ó padà wá.

Bíréèkì náà bẹ̀rẹ̀ sí í ké lọ́jọ́ kejì. Ẹ ò gbọ́ irú ohùn bẹ́ẹ̀ rí. Bí ewúrẹ́ tí ìlẹ̀kùn há ní ìrù ni. Bí bàbá mi bá ń bọ̀ láti Ìdí Òrò, a ti gbọ́ ọ nílé, a ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í bu oúnjẹ ẹ̀. Àwọn ọmọ àdúgbò á máa pariwo, "Télọ̀ ti dé o! Ẹ so ewúrẹ́ yín mọ́lẹ̀!" Àwọn oníbàárà bàbá mi á bi í pé, "Ẹ̀gbọ́n, ṣé mọ́tò yín ò tíì jẹun ni?" Yàtọ̀ síyẹn, èèyàn gbọ́dọ̀ tẹ bíréèkì náà láti iwájú ilé kejì kó tó lè dúró síwájú ilé tiẹ̀.

Ìyá mi ò rí nǹkan kan tó burú níbẹ̀. Ó ní, "Ẹni tó rí já jẹ ni wọ́n ń gbóhùn ẹ̀. Ìgbà tá à ń fẹsẹ̀ rìn, ta ló gbọ́ wa?"

Bàbá mi kì í bá a jiyàn. Ṣe ló máa ń dúró dìgbà tí ìyá mi bá lọ sọ́jà, kó tó ṣe ohun tó fẹ́. Ó ní agolo kékeré ẹlẹ́nu ṣóńṣó kan tó fi ń kán epo sí mẹ́ṣìnnì ìránṣọ láràárọ̀, ó sì ní ọ̀rọ̀ kan tó máa ń sọ fún àwọn ọmọ iṣẹ́ ẹ̀: "Irin tó bá ń ké, epo ló ń bẹ̀." Ìyá mi ti ra bíréèkì bí ẹni ra pánlá, ó wá ku kí bàbá mi tọ́jú ẹ̀ bí ẹni tọ́jú mẹ́ṣìnnì. Ní Sátidé tó ṣáájú Iléyá, kí á tó jáde lọ ra aṣọ ọdún ní Ojú Ẹlẹ́gbà, ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ táyà iwájú méjèèjì, ó ti ẹnu agolo bọ inú ihò táyà, ó sì rọ epo sí i. Ahun kọ́ ni bàbá mi.

A wọlé sínú mọ́tò. Ìyá mi wà níwájú, èmi wà lẹ́yìn. Ọ̀nà àdúgbò wa ṣe gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ díẹ̀, ó ń lọ sísàlẹ̀ níbi tí àwọn kan ti ń mọ búlọ́ọ̀kù, àwọn ọmọ sì ń gbá bọ́ọ̀lù níbẹ̀. A ń ṣàn lọ wọ́ọ́rọ́wọ́.

Ìyá mi ní, "Bàbá Sìkírá, mi ò gbọ́ ohùn mọ́tò wa mọ́."

Bàbá mi rẹ́rìn-ín músẹ́. "Mo ti bá a sọ̀rọ̀." Ó sì tẹ bíréèkì.

Mọ́tò náà ò ké. Kò sì dúró.

"Ẹ dúró!"

"Mo ti dúró!"

"Ibo lẹ dúró sí?"

Bàbá mi ń tẹ bíréèkì lẹ́sẹ̀lẹ́sẹ̀, tìpàtìpà, bó ṣe ń tẹ ẹsẹ̀ mẹ́ṣìnnì nígbà tí oníbàárà bá ń dúró dè é. Àwọn ọmọ tó ń gbá bọ́ọ̀lù ti mọ̀ wá pẹ̀lú ariwo wa; nígbà tí kò sí ariwo, wọn ò wẹ̀yìn. Mo rí ẹ̀yìn orí ọ̀kan nínú wọn, tí wọ́n fá láìpẹ́, ó ń dán nínú oòrùn, ó sì ń tóbi sí i. Mo ké. Mi ò mọ ohun tí mo ké. Bàbá mi yí ọwọ́ mọ́tò, àwọn ọmọ fọ́n ká, a sì wọ inú òkìtì yanrìn àwọn oníbúlọ́ọ̀kù títí yanrìn fi bo iná iwájú.

Kò sẹ́ni tó farapa. Bọ́ọ̀lù ló bẹ́. Ohun tó tẹ̀ lé e ni mi ò tíì gbàgbé. Ọwọ́ ìyá mi wà lórí itan bàbá mi, ó fún un mọ́lẹ̀ bí ìgbà tó jẹ́ pé itan yẹn ni bíréèkì. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí mo rí i pé àwọn méjèèjì lè bẹ̀rù, ó sì bà mí nínú jẹ́ ju yanrìn lọ.

Múfú dé, òun àti gbogbo àdúgbò. Ó tú táyà, epo ń kán tó, tó, tó. Ó ní táyà ẹ̀yìn nìkan ló ń gbìyànjú àtidúró. Ó wo bàbá mi, ó wo ìyá mi, ó la ẹnu. Gbogbo èèyàn mọ ohun tó ń bọ̀. Àwọn kan tiẹ̀ ti fìdí mọ́lẹ̀ kí wọ́n lè gbọ́ ọ dáadáa.

Ìyá mi ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Ó fi ohùn kan tí mi ò gbọ́ rí sọ ọ́, ohùn tí kò tó ti ọjà rárá. Ó ní, "Múfú, mi ò mọ̀ ọ́n. Bá mi yàn án."

Òótọ́ ọ̀rọ̀ gba ìwọ̀sí mọ́ Múfú lẹ́nu. Ó lọ ra èyí tó rọ̀, ó fi bẹntiróòlù fọ epo kúrò lára àwo irin, ó gbé e fún àwọn tó ń fá irin kí wọ́n fá ojú ẹ̀ tó ti ha kó tẹ́jú, ó kì í bọ̀ ọ́, ó sì ní kí bàbá mi tẹ̀ ẹ́. Mọ́tò dúró ṣinṣin, láìké, láìjàdù.

A dé Ògbómọ̀ṣọ́ lọ́sàn-án gangan. Ìyá mi sọ̀ kalẹ̀ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, ó ń tún ìró ró ju bó ṣe yẹ lọ, kí gbogbo agboolé lè rí àyè jáde. Ẹ̀gbọ́n ẹ̀ yí mọ́tò náà po, ó gbá a lórí díẹ̀, ó ní, "Ó kéré."

Ìyá mi kúnlẹ̀ kí i. "Ó kéré lóòótọ́, ẹ̀gbọ́n mi. Àmọ́ bá a bá ní kó dúró, ó ń dúró."

Ẹ̀gbọ́n ò mọ ohun tó ń sọ. Bàbá mi mọ̀, ó sì wojú ilẹ̀.

Lójú èmi ọmọdé, ìyá mi kéré sí i lọ́jọ́ òkìtì yanrìn yẹn. Mo rò pé àgbàlagbà ni ẹni tó mọ gbogbo nǹkan, ẹni tó bá ní òun ò mọ̀, ó ti ń padà di ọmọdé nìyẹn. Nísinsìnyí mo ti dàgbà ju bó ṣe wà nígbà náà lọ. Aṣọ ni mò ń tà, kò sì sí ohun tí wọ́n ń sọ lọ́jà tí mi ò ní fèsì sí, láti orí ètò ìlú dé orí oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru. "Mi ò mọ̀" tí ìyá mi sọ yẹn, èmi náà ń gbìyànjú ẹ̀. Àwọn agbowó-orí ló sì ń gbọ́ ọ lẹ́nu mi jù. Kí n sọ ọ́ níwájú àwọn ọmọ tí mo bí, kí gbogbo àdúgbò sì dúró máa wò mí, ọ̀rọ̀ mìíràn nìyẹn. Bó bá ti dé ètè mi báyìí, ṣe ló máa ń yípadà di ìmọ̀ràn.