Òróró Lórí Fèrè Tuntun

Fèrè tí mo ń fọn kì í ṣe èyí tí èèyàn ń fi sápò. Kọ́ntrábàsúùnù ni wọ́n ń pè é, ọ̀pá igi gígùn tó ń lọ tó ń bọ̀ bíi páìpù omi ẹ̀yìn ilé, òun ló sì ń sọ̀rọ̀ nísàlẹ̀ pátápátá nígbà tí ẹgbẹ́ olórin ńlá bá ń ṣeré. Nígbà tí mo kọ́kọ́ gbé e wọlé wa ní Glyndon Estate, nílùú òyìnbó níbí, màmá mi bi mí bóyá fáólíìnì ló tán nílé ìwé. Mo fọn ún fún wọn, wọ́n ní ó dà bíi pé ebi ń pa erinmi. Èmi nífẹ̀ẹ́ ẹ̀ bẹ́ẹ̀.

Ọwọ́ mi kéré, ọwọ́ màmá mi ni mo jogún. Ẹni tó ní ọwọ́ ńlá ni wọ́n ṣe fèrè tí mo ń fọn nígbà náà fún. Àwọn irin tí àtàǹpàkò òsì gbọ́dọ̀ tẹ̀ jìnnà síra wọn, mo sì ń na ìka lọ bá wọn lójoojúmọ́ títí ọwọ́ náà fi kọ̀ lọ́jọ́ kan. Mi ò lè ṣí ìdérí ìgò. Dókítà ní tí mi ò bá fi fèrè náà sílẹ̀, ó ṣeé ṣe kí ọwọ́ náà má sàn mọ́. Mo sunkún nínú bọ́ọ̀sì títí mo fi dé ọ̀dọ̀ màmá mi, tí wọ́n ti kó lọ sí Thamesmead North nígbà náà. Iṣẹ́ ìtọ́jú àwọn arúgbó ni wọ́n ń ṣe láti ìgbà tá a ti dé ìlú yìí. Wọ́n ki aṣọ bọ omi gbígbóná, wọ́n fi ń tẹ ọwọ́ náà fún mi.

Lẹ́yìn oṣù mélòó kan, ọ̀rẹ́ mi kan sọ fún mi nípa obìnrin òyìnbó kan ní Woolwich tó tún irú fèrè yìí rò láti ìbẹ̀rẹ̀. Ó ti fa àwọn irin náà súnmọ́ra, ó ti mú kí inú ọ̀pá náà fẹ̀ sí i kí ohùn lè jáde láìfipá. Mo lọ síbẹ̀, mo jókòó, mo fọn ún. Mo ń retí ìrora náà bí ẹni tó ń retí àlejò tí kò níwà. Kò wá. Obìnrin náà yá mi ní fèrè ọ̀hún, torí ẹgbẹ́ olórin kan fẹ́ gbọ́ àwọn tó ń wá iṣẹ́ lọ́dọ̀ wọn lópin ọ̀sẹ̀ yẹn. Mo ti pinnu lọ́kàn mi pé bí wọn ò bá mú mi, ó parí nìyẹn, màá wá iṣẹ́ mìíràn.

Mo gbé e lọ sílé màmá mi, mo fọn ún fún wọn ní pálọ̀. Wọn ò tíì bọ́ aṣọ iṣẹ́. Wọ́n wo ojú mi títí mo fi parí.

“O ò fún ojú pọ̀,” ni wọ́n sọ.

Mo wọ ilé ìwẹ̀. Ẹni tó bá mọ àwọn ìyá ṣọ́ọ̀ṣì wa ti mọ ohun tó tẹ̀ lé e. Ọkọ̀ tuntun ni o, ilé tuntun ni o, bírò ìdánwò ni o, kò sí èyí tí òróró àdúrà kì í kàn. Nígbà tí mo jáde tí mo tún fọn fèrè náà, afẹ́fẹ́ lásán ló ń sá jáde nísàlẹ̀. Àwọn tìmùtìmù kéékèèké tó ń dí ihò rẹ̀ ti mu òróró yó.

“Mummy, kí lẹ ṣe?”

“Mo kàn fi anointing oil touch ẹ̀ ni. Just small.”

Inú bí mi, mi ò ní purọ́. Mo ní nǹkan oní-nǹkan ni, mo ní Ọlọ́run ò bẹ̀ wọ́n níṣẹ́. Wọ́n wọ bàtà.

“Jẹ́ ká lọ. Èmi ni mo spoil ẹ̀, èmi ni mo máa bẹ̀ ẹ́.”

Bá a ṣe wọ ibi iṣẹ́ obìnrin náà báyìí, màmá mi kúnlẹ̀ fún un, fún ẹni tí wọ́n lè bí lọ́mọ. Obìnrin náà rò pé àárẹ̀ ló mú wọn, lòun náà bá kúnlẹ̀ láti gbá wọn mú. Àwọn méjèèjì ń wo ara wọn nílẹ̀, èmi sì ń wá ibi tí mo máa fi ojú sí. Nígbà tí ọ̀rọ̀ yé e, ó tú fèrè náà, ó ní tìmùtìmù díẹ̀ ló bà jẹ́, òun á pààrọ̀ wọn kí ilẹ̀ tó ṣú. Lẹ́yìn náà ló rọra béèrè ohun tí òróró náà wà fún.

Màmá mi gbọ́ òyìnbó dáadáa, àmọ́ bí ọ̀rọ̀ bá ti wúwo, Yorùbá ni wọ́n máa ń sá sí. Èmi ni wọ́n kọjú sí.

“Sọ fún un pé láti ọjọ́ tó o ti sunkún wálé ni mo ti ń gbàdúrà kí Ọlọ́run gba fèrè yìí lọ́wọ́ ẹ. Mo fast sí i. Mo ní kó lock gbogbo door tó lè gbé ẹ padà síbẹ̀. Ìgbà tó o fọn ún lónìí tí kò dùn ẹ́, ẹ̀rù bà mí. Òróró yẹn, mo fi ń bẹ Ọlọ́run pé kó má gbọ́ tèmi mọ́ ni.”

Ìbínú mi tán lójú ẹsẹ̀. Mi ò lè túmọ̀ rẹ̀. Mo di ọwọ́ wọn mú, ọwọ́ kékeré tó jọ tèmi, obìnrin náà sì fi wá sílẹ̀ bẹ́ẹ̀, ó ń bá iṣẹ́ rẹ̀ lọ.

Ẹgbẹ́ olórin náà mú mi. Mo ṣì wà lọ́dọ̀ wọn, irú fèrè tuntun yẹn náà ni mo ń fọn, ọwọ́ mi ò sì dùn mí.

Lọ́jọ́ Ìsinmi tó tẹ̀ lé ìgbà tí wọ́n mú mi, màmá mi jáde lọ jẹ́rìí ní ṣọ́ọ̀ṣì. Àwọn tó ṣáájú wọn dúpẹ́ fún físà, fún iṣẹ́, fún ọmọ. Màmá mi gba makirofóònù, wọ́n ní àwọn wá dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run fún àdúrà tí àwọn gbà tí kò gbọ́. Gbogbo ìjọ ń wo ara wọn lójú, wọn ò mọ̀ bóyá àwọn lè ṣe halelúyà sí irú ìyẹn. Mo dìde lẹ́yìn níbi tí mo jókòó sí, mo sì ṣe é.