Iṣan Inú Bọ̀kọ̀tọ̀

Nígbà tí mo wà ní kékeré, tí ènìyàn bá fi ẹsẹ̀ rọ́ ní abúlé wa létí ọ̀sà, nítòsí Ajah, ẹni tó bá gbọ́ á ní pẹ̀lẹ́, wọn á fi omi gbígbóná tẹ̀ ẹ́, ọ̀rọ̀ ti parí. A kò mọ̀ pé àìsàn ní nọ́ńbà. Ọdún tí wọ́n ń la ọ̀nà ńlá tó lọ sí Ẹ̀pẹ́ la tó mọ̀.

Apẹja ni bàbá mi. Kọ́ńpìnì tó ń la ọ̀nà náà ti ṣèlérí pé àwọn á kọ́ ọ ní wíwa katapílà. Ẹ̀yin tí ẹ ń wa mọ́tò lónìí, ẹ lè má mọ ohun tí ìyẹn jẹ́ fún ilé tó jẹ́ pé ọkọ̀ ojú omi nìkan ni wọ́n mọ̀ ọ́n wà. Ó ku ọ̀sẹ̀ kan kó bẹ̀rẹ̀ ló bá àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ fa àwọ̀n létí òkun. Ẹsẹ̀ ọ̀tún rẹ̀ wọ ihò akàn, ọrùn ẹsẹ̀ yí, ó sì wú. Kọ́ńpìnì ní kó lọ gba ìwé wá láti ilé ìwòsàn, kí àwọn lè mọ ohun tó ṣe é.

Èjìká mi ló fi ṣe ọ̀pá débẹ̀. Nọ́ọ̀sì wo ẹsẹ̀ náà, ó fi báńdéèjì dì í, ó ní kò kán. Ṣùgbọ́n nọ́ọ̀sì kọ́ ló ń kọ ìwé. Akọ̀wé kan ni, ọkùnrin tín-ín-rín tó máa ń ki bíírò mẹ́ta bọ àpò àyà, tó jẹ́ pé ọ̀kan ṣoṣo ló ń kọ̀wé nínú wọn. Gbogbo wa ń pè é ní Dókítà, kò sì sọ fún ẹnikẹ́ni rí pé òun kì í ṣe dókítà. Ó ti lọ kẹ́kọ̀ọ́ ọ̀sẹ̀ mẹ́fà nípa ìwé ńlá kan tó fún gbogbo àìsàn ayé ní nọ́ńbà. Láti ìgbà náà ni kò ti kọ orúkọ àìsàn mọ́. Tó bá kí ènìyàn lọ́nà, ẹ ó rò pé nọ́ńbà yín ló ń wá lójú yín.

"Kí ló ṣe yín?"

"Iṣan ẹsẹ̀ mi ló fà, Dókítà."

"Iṣan?" Ó ṣí ìwé ńlá, ó fi ìka wá a lọ sísàlẹ̀. "Náàfù nìyẹn."

"Kí ni náàfù?"

"Iṣan ni."

Bàbá mi ní bó bá rí bẹ́ẹ̀, ó dára. Akọ̀wé kọ nọ́ńbà náàfù sínú ìwé, ó sì fà á lé e lọ́wọ́.

Ẹ̀yin náà ẹ wò ó. Iṣan ni ẹ̀jẹ̀ ń gbà kọjá. Iṣan la fi ń gbé ẹsẹ̀. Iṣan náà ni èyí tí òyìnbó ń pè ní náàfù, tí wọ́n ní ó ń gbé ìròyìn lọ sí ọpọlọ. Orúkọ kan la fún gbogbo wọn, wọn kò sì jà. Òyìnbó ló fún kálukú wọn ní yàrá tirẹ̀. Akọ̀wé wa kàn ṣí ilẹ̀kùn yàrá tí kì í ṣe tiwa.

Ní ọ́fíìsì kọ́ńpìnì, wọ́n yẹ nọ́ńbà náà wò lára ìwé kan tó wà lára ògiri. Wárápá ló wà lókè rẹ̀, wèrè ló wà nísàlẹ̀. Ọ̀gá ibẹ̀ rọra fa àga rẹ̀ sẹ́yìn.

"Baba, a ò lè gbé katapílà fún yín."

"Ẹsẹ̀ ló rọ́, ọ̀gá! Ẹ wo báńdéèjì!"

"Báńdéèjì kọ́ ló wà nínú ìwé." Ó ní tó bá di ọjọ́ Ajé, ẹlòmíràn ni wọ́n á fún.

Kó tó di ìrọ̀lẹ́, abúlé ti gbọ́. Aládùúgbò wa kan wá kí wa, ó dúró lẹ́nu ọ̀nà, kò wọlé. Ó bi ìyá mi bóyá bàbá mi ti ń dá sọ̀rọ̀.

Lọ́jọ́ kejì, ìyá mi ra ẹsẹ̀ màlúù lọ́wọ́ alápatà ní Ajah, ó sè é títí tó fi rọ̀, ó gbé ìkòkò náà lọ sí ilé ìwòsàn, ó sì gbé e ka orí ìwé ńlá.

"Ìyá, ẹ gbé ìkòkò yẹn kúrò lórí ìwé ìjọba!"

"Ẹ má bínú, Dókítà. Ṣé ẹ máa ń jẹ bọ̀kọ̀tọ̀?"

Òórùn ata ti dé imú rẹ̀. "Ta ni kì í jẹ ẹ́?"

Ìyá mi fi ṣíbí fa iṣan kan jáde, ó ń gbọ̀n, ó ń dán. "Kí lẹ ń pe èyí?"

"Iṣan ni."

"Ṣé náàfù la ti ń jẹ láti ọjọ́ yìí? Ṣé wèrè ni gbogbo Ajah ni?"

Nọ́ọ̀sì bú sẹ́rìn-ín lẹ́yìn kọ́tìnnì. Akọ̀wé wo ṣíbí, ó wo ìwé. Mo rí i pé ó ti yé e, mo sì rí i pé inú rẹ̀ kò dùn pé ó yé e. Ó ní a kì í fa nǹkan rẹ́ nínú ìwé ìjọba. Ó wá kọ ọ́ sísàlẹ̀ pé náàfù ti san, ó sì kọ nọ́ńbà iṣan ẹsẹ̀ tó fà tẹ̀ lé e. Bí bàbá mi ṣe di ẹni àkọ́kọ́ ní agbègbè wa tí àrùn náàfù fi sílẹ̀ láàárín ọjọ́ kan nìyẹn, tí ẹsẹ̀ rẹ̀ sì tún rọ́ lórí ìjókòó. Ìkòkò wa padà sílé lófìfo.

Kọ́ńpìnì gba nọ́ńbà kejì, ṣùgbọ́n wọ́n ka ti àkọ́kọ́ náà. Wọ́n ní ohun tó lọ lè padà wá. Ẹlòmíràn ló gba katapílà. Wọ́n fún bàbá mi ní àsíá pupa pé kó máa fi dá mọ́tò dúró. Ẹni tí wọn kò lè fi katapílà kan lé lọ́wọ́ ni wọ́n wá fi gbogbo mọ́tò ojú ọ̀nà lé lọ́wọ́. Tí mo bá gbé oúnjẹ ọ̀sán lọ fún un, mo máa ń bá a lẹ́gbẹ̀ẹ́ katapílà tó dúró, tó gbé ọwọ́ lé irin rẹ̀, tó kàn ń wò ó.

Ayé ti yí padà. Lọ́dún tó kọjá, èmi náà fi ẹsẹ̀ rọ́ lẹ́bàá gọ́tà ní Ajah. Dókítà gidi ló wò mí, ọmọbìnrin kékeré kan tó ń tẹ kọ̀ǹpútà. Nọ́ńbà ṣì wà, ó tilẹ̀ ti gùn sí i; ẹsẹ̀ òsì ní tirẹ̀, ẹsẹ̀ ọ̀tún ní tirẹ̀. Mo ní iṣan ló fà. Ọwọ́ rẹ̀ dúró.

"Màmá, iṣan wo?"

Mo ní èyí tó máa ń wà nínú bọ̀kọ̀tọ̀. Ó rẹ́rìn-ín, ó tẹ̀ ẹ́ síbẹ̀.

Ìbéèrè ọ̀rọ̀ méjì péré. Ká ní ẹnì kan bi bàbá mi bẹ́ẹ̀ lọ́jọ́ náà ni, ì bá wa katapílà.