Ẹ̀yìn Bàbá Nínú Fídíò Ìkórè

Òórùn káńfọ̀ ló kọ́kọ́ pàdé èmi àti ọ̀gá mi nínú yàrá yèyé kan l'Ókè-Òpin, òórùn nǹkan tó ti bu sì tẹ̀ lé e. Iṣẹ́ mi nígbà náà ni kí n máa wá fídíò àtijọ́ káàkiri fún ọ̀gá mi obìnrin tó ń fi wọ́n ṣe fíìmù ìtàn ìlú fún tẹlifíṣọ̀n. Abẹ́ aṣọ òkè ni yèyé ti fa kásẹ́ẹ̀tì ìkórè ṣọ́ọ̀ṣì wọn yọ, ó ti bu, ó funfun bí ẹni da àtíkè sí i. Ọkọ wọn ti kú tipẹ́, òjò sì ti ba gbogbo fọ́tò bàbá jẹ́. Inú kásẹ́ẹ̀tì yìí nìkan ni bàbá kù sí, ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń wò ó sì ti bàjẹ́. Àdéhùn wa ni pé yèyé á kọ́kọ́ rí ọkọ wọn ná, ká tó mú kásẹ́ẹ̀tì náà lọ.

Mo bẹ̀rẹ̀ sí í fi òwú nu téèpù inú rẹ̀. Ẹ wò ó, èmi tí mo ń sáré lórí ọ̀kadà nínú ẹrẹ̀ Odò-Ọ̀wà, nǹkan tí kò wúwo tó èèpo àlùbọ́sà ló ń mú mi làágùn. Bó bá já, kí ni mo fẹ́ sọ fún opó? Mo tiẹ̀ ti ń wo ẹnu ọ̀nà.

Kò já, a sì fi í sínú ẹ̀rọ tí a gbé wá. Àmọ́ ojú alága ìkórè ni oníkámẹ́rà gbájú mọ́, bó ṣe ń nu òógùn, bó ṣe ń mu mínírà. Nígbà tó kan ìdílé yèyé láti jó lọ síwájú, ẹ̀yìn bàbá nìkan la rí, iṣu lórí, wọ́n sì kọjá. Ojú alága tún dé.

Ojú tì mí. Mo ní kí yèyé má bínú, kámẹ́rà ò mú ojú bàbá.

“Ta ló bi ọ́ léèrè ojú? Dá a padà, ọmọ mi.”

Mo dá téèpù padà sẹ́yìn. Yèyé rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wọn. Wọ́n ní bàtà àbúrò bàbá ló wà lẹ́sẹ̀ bàbá lọ́jọ́ náà, ó sì há. Bàbá ń jó bí adìẹ tí òwú lọ́ mọ́ lẹ́sẹ̀. Yèyé nawọ́ sí tẹlifíṣọ̀n, wọ́n ń bá ọkọ wọn wí.

“Ṣé ẹ rí i? Mo sọ fún yín láàárọ̀.”

Ọ̀gá mi, tó ti fẹ́ gé ibẹ̀ dànù, kò gé e mọ́. Ibẹ̀ gan-an ló fi parí fíìmù náà.

Ẹ̀rù téèpù ṣì ń bà mí títí dòní, mi ò ní purọ́. Ṣùgbọ́n látìgbà náà, bí mo bá ń wo fídíò àtijọ́, etí àwòrán ni mo máa ń wò, níbi tí àwọn tí kámẹ́rà ò wá wò ti ń kọjá. Ẹnì kan wà nílé tó ń retí wọn.